Bàálù Ò Gbé Tòmátì: Pápákọ̀ Òfurufú Kéékèèké Òkè Ọya àti Àwọn Àgbẹ̀ Tó Yí I Ká

Nígbàkígbà tí tòmátì bá ti wọ́n ní Mile 12, àbúrò mi máa ń pè mí láti Èkó bí ẹni pé èmi ni mo kó o pamọ́ sí Àbújá. Ọ̀rọ̀ kan náà ló máa ń sọ: "Ẹ̀gbọ́n, ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà l'Ókè Ọya, gómìnà yín wo ni kò tíì kọ́ pápákọ̀ òfurufú? Kí ló dé tí wọn ò lè fi bàálù gbé tòmátì wá fún wa?" Ó máa ń pa mí lẹ́rìn-ín, àmọ́ kì í ṣe ọ̀rọ̀ òmùgọ̀ ló ń sọ. Àlàyé tí àwọn gómìnà ṣe fún aráàlú nìyẹn nígbà tí wọ́n ń náwó ọ̀hún: pé ìpínlẹ̀ àgbẹ̀ ni tàwọn, pé tí bàálù bá ti lè balẹ̀, ire oko á máa bá a lọ sí Èkó, á máa bá a lọ sí Lọ́ńdọ̀nù. Àwọn mìíràn tilẹ̀ fi ọ̀rọ̀ ẹrù sínú orúkọ rẹ̀. Ti Lafia ní Nasarawa àti ti Damaturu ní Yobe, pápákọ̀ kágò ni wọ́n ń pè wọ́n.

Ẹ jẹ́ ká ka èyí tó wà nílẹ̀. Gombe ní tiẹ̀ ní Lawanti, láyé Gómìnà Danjuma Goje. Sule Lamido kọ́ ti Dutse ní Jigawa, Saidu Dakingari kọ́ ti Birnin Kebbi, Isa Yuguda kọ́ ti Bauchi, Tanko Al-Makura gbé ti Lafia kalẹ̀, Ibrahim Gaidam bẹ̀rẹ̀ ti Damaturu kí Mai Mala Buni tó parí ẹ̀. Zamfara náà ti bẹ̀rẹ̀ tiwọn ní Gusau. Àpò ìpínlẹ̀ ni wọ́n ti yọ owó wọn, kì í ṣe àpò ìjọba àpapọ̀. Ohun tó máa ń ya àlejò lẹ́nu ni bí wọ́n ṣe sún mọ́ èyí tó ti wà tẹ́lẹ̀. Ẹni tó bá kúrò ní Dutse, tí ọ̀nà bá dára, á dé pápákọ̀ Kano láàárín bíi wákàtí méjì. Bẹ́ẹ̀ náà ni láti Birnin Kebbi sí Sokoto, àti láti Damaturu sí Maiduguri. Pápákọ̀ tó sì wà lọ́wọ́ FAAN, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń bójú tó pápákọ̀, ti lé ní ogún káàkiri orílẹ̀-èdè. Àwọn ọ̀gá ibẹ̀ fúnra wọn ti sọ ọ́ tó ọ̀pọ̀ ìgbà pé ìwọ̀nba díẹ̀, irú bí Èkó, Àbújá, Port Harcourt àti Kano, ló ń bọ́ ìyókù.

Ẹ wá jẹ́ ká gbé ọ̀rọ̀ àbúrò mi sórí ìwọ̀n. Tírélà tó ń gbé ìrẹsì bọ̀ láti Kebbi lè kó ọgbọ̀n tọ́ọ̀nù. Tí àpò kan bá jẹ́ kílò 50, àpò 600 nìyẹn. Bàálù ATR 72, irú èyí tó bá pápákọ̀ kékeré mu, tí wọ́n bá yọ gbogbo àga inú rẹ̀ kúrò tí wọ́n sọ ọ́ di ti ẹrù, ohun tó lè gbé kò ju bíi tọ́ọ̀nù mẹ́jọ lọ, ìyẹn àpò 160. Ó gbọ́dọ̀ lọ bọ̀ nígbà mẹ́rin kó tó gbé ohun tí tírélà kan gbé lẹ́ẹ̀kan. Ẹ rántí oṣù karùn-ún ọdún 2022, nígbà tí àwọn oníléeṣẹ́ bàálù halẹ̀ pé àwọn máa dáwọ́ iṣẹ́ dúró, tí wọ́n ní epo bàálù ti kúrò ní ₦190 lítà kan, ó ti di ₦700. Ta ló máa da irú epo bẹ́ẹ̀ sórí àpò ìrẹsì?

Èkó àti Kebbi gan-an ti dá wa lóhùn, bó tilẹ̀ jẹ́ pé wọn ò ní in lọ́kàn. Ní oṣù kejìlá ọdún 2016, Akinwunmi Ambode tó jẹ́ gómìnà Èkó nígbà náà àti Atiku Bagudu ti Kebbi gbé ìrẹsì LAKE jáde, Èkó mú owó àti ọjà wá, Kebbi mú oko wá. Pápákọ̀ Birnin Kebbi ti wà nígbà náà, rọ́nwè rẹ̀ ń dán. Ojú títì ni ìrẹsì náà gbà dé ọ̀dọ̀ wa.

Ẹ lè ní ìrẹsì kì í tètè bàjẹ́, ó lè fara da ọ̀nà, tòmátì ni kí n sọ. Ó dáa. Tòmátì, omi ni. Nínú kílò mẹ́wàá rẹ̀, ó ju mẹ́sàn-án lọ tó jẹ́ omi. Ẹni tó bá fi bàálù gbé tòmátì láti Kano lọ sí Èkó, omi ló ń sanwó ọkọ̀ fún, ó sì tún fẹ́ kí ìyá tó ń se ọbẹ̀ ní Mushin san owó ọ̀hún padà.

Kì í ṣe pé irọ́ ni àwọn tó ń sọ pé tí ọ̀nà bá ti là, ẹrù á gba ibẹ̀. Kano ti rí i rí. Ní ọdún 1911 tí ojú irin dé Kano, àwọn onílé iṣẹ́ aṣọ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ti ń lá àlá pé òwú ni yóò máa kún inú ọkọ̀ náà bọ̀. Àwọn àgbẹ̀ àti oníṣòwò Kano wo iye tí wọ́n ń ra òwú, wọ́n wo iye tí wọ́n ń ra ẹ̀pà, wọ́n sì gbin ẹ̀pà. Láàárín ọdún díẹ̀, ẹ̀pà pọ̀ débi pé ọkọ̀ ojú irin ò rí gbogbo rẹ̀ gbé. Òkìtì ẹ̀pà tí wọ́n ń yà sára owó àti káàdì nígbà kan, ibẹ̀ ló ti ṣẹ̀. Ojú irin yẹn kan náà ló kó ọ̀pọ̀ baba àti ìyá wa wá sí Sabon Gari, àwọn akọ̀wé, àwọn oníṣẹ́ rélùwéè, àwọn oníṣòwò Ọ̀fà àti Ògbómọ̀ṣọ́ tí ọmọ ọmọ wọn ń sọ Hausa ju Yorùbá lọ báyìí. Àmọ́ ọkọ̀ tó ń gbé ẹrù wúwo lówó pọ́ọ́kú nìyẹn, àgbẹ̀ ló sì pinnu ohun tó máa gbé. Bàálù kọ́kọ́ balẹ̀ ní Kano ní ọdún 1925, lórí pápá tí wọ́n ti ń gun ẹṣin gbá bọ́ọ̀lù. Ó ti pé ọgọ́rùn-ún ọdún. Òkìtì ẹ̀pà kankan ò wọ bàálù rí.

Kí wá ni bàálù ń gbé? Ohun tó fúyẹ́, tó níye lórí, tí kò sì lè dúró. Òdòdó ilẹ̀ Kenya ni gbogbo ayé máa ń tọ́ka sí. Wọ́n á gé e ní Naivasha, á wọ yàrá tútù, á wọ ọkọ̀ tútù lọ sí Nairobi, bàálù á gbéra lóru, ilẹ̀ á mọ́ bá a ní ilẹ̀ Netherlands. Láti orí igi dé orí káńtà, ooru ò kàn án. Ìkókó ọ̀rọ̀ náà ni pé ọ̀pọ̀ nínú ẹrù tó ń bá bàálù rìn káàkiri ayé, ikùn bàálù èrò ló ń bá lọ, lábẹ́ ẹsẹ̀ àwọn tó jókòó sókè. Ibi tí èrò pọ̀ sí ni àyè ẹrù ti pọ̀, ibẹ̀ náà ló sì ti máa ń dínwó. Ìdí kan nìyẹn tí òdòdó fi ń lọ sí Nairobi. Kenya fúnra rẹ̀ kọ́ pápákọ̀ sí Eldoret, láàárín àwọn àgbẹ̀ àgbàdo, ó ṣí i ní 1997 láyé Ààrẹ Moi. Ẹrù tó ń gba ibẹ̀ wọlé ló pọ̀ ju èyí tó ń gba ibẹ̀ jáde lọ.

Ilé wa náà ní tirẹ̀. Nígbà tí Bukola Saraki jẹ́ gómìnà Kwara, ó pe àwọn àgbẹ̀ aláwọ̀ funfun tí wọ́n lé kúrò lórí ilẹ̀ wọn ní Zimbabwe wá sí Shonga, létí odò Ọya, ní nǹkan bí 2004 sí 2005. Wọ́n sì kọ́ ilé ẹrù sí pápákọ̀ Ìlọrin, pé ire oko á máa bá ibẹ̀ lọ sókè òkun. Wàrà àti adìẹ ni oko Shonga padà wá gbajúmọ̀ fún, ìwọ̀nyí sì rí ẹni rà wọ́n níhìn-ín láìfi òkè òkun ṣe. N kò rí ohun ìtìjú kankan nínú ìyẹn. Àgbẹ̀ tó bá rí oníbàárà nítòsí kì í sanwó bàálù.

Ká tiẹ̀ wá ní ẹnìkan fẹ́ ta ẹrù fún òyìnbó lóòótọ́. Ìwé ló máa kọ́kọ́ bá pàdé kó tó rí bàálù. Láti ọdún 2015 ni EU, àjọ àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù, ti fòfin de ẹ̀wà gbígbẹ Nàìjíríà, nítorí pé wọ́n bá oògùn kòkòrò dichlorvos nínú rẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ, wọ́n sì ti fi kún gígùn òfin náà ju ẹ̀ẹ̀kan lọ. Kò sí bí rọ́nwè ṣe lè gùn tó tó máa fọ oògùn kúrò lára ẹ̀wà. Ní oṣù kẹfà ọdún 2017, Audu Ogbeh tó jẹ́ mínísítà ètò ọ̀gbìn dúró ní Èkó, ó júwọ́ sí kọ̀ǹténà iṣu tó ń lọ sí òkè òkun. Nígbà tí ìròyìn máa padà dé, wọ́n ní apá kan iṣu náà ti jẹrà. Ọkọ̀ ojú omi ló gbé e, àwọn kan sì yára sọ pé ká ní bàálù ni, kì bá tí rí bẹ́ẹ̀. Bóyá. Àmọ́ tí ẹ bá bi ìyàwó àgbẹ̀ ní Zaki Biam, ìlú oníṣu ní Benue, léèrè, á sọ fún yín pé iṣu tí wọ́n bá ti gún lọ́bẹ nígbà tí wọ́n ń wà á, ibi tó wù kó wọ̀, jíjẹrà ló ń lọ.

Mo fẹ́ dúró díẹ̀ lórí ohun tí pápákọ̀ kékeré ń ná ẹni tó ni ín, torí ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti máa ń sú gómìnà tó bá jogún rẹ̀. Bàálù kan ìbáà balẹ̀ lóòjọ́, ọgọ́rùn-ún ìbáà balẹ̀, ọkọ̀ panápaná gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀ pẹ̀lú ẹni tó máa wà á, àwọn ará NAMA, àjọ tó ń darí bàálù lójú òfurufú, gbọ́dọ̀ wà nínú tówà, ẹni tó ń wo ojú ọjọ́ gbọ́dọ̀ wà lẹ́nu iṣẹ́, ẹ̀ṣọ́ gbọ́dọ̀ wà lẹ́nu géètì, jẹnẹrétọ̀ ò sì gbọdọ̀ kú. Ní ti owó tó ń wọlé, ẹ fi ojú inú wo bàálù elérò 70 tó kún dẹ́múdẹ́mú, tó ń gbéra lẹ́ẹ̀mẹ́ta lọ́sẹ̀. Owó tí èrò kọ̀ọ̀kan ń san fún lílo pápákọ̀ nínú ilé, ₦2,000 ni wọ́n sọ ọ́ dà ní 2021; ẹ jẹ́ ká fi ìyẹn ṣírò. ₦420,000 lọ́sẹ̀ ni. Tí lítà dísù kan bá jẹ́ ẹgbẹ̀rún náírà, lítà 420 ni gbogbo owó yẹn máa rà, jẹnẹrétọ̀ ńlá kan á sì mu ún tán kí ọ̀sẹ̀ tó pé. A ò tíì sanwó oṣù ẹnikẹ́ni. Bàálù ọ̀hún kì í sì í kún dẹ́múdẹ́mú.

Ọ̀pọ̀ nínú wọn tún jẹ́ èyí tí òòrùn bá ti wọ̀, iṣẹ́ ti parí, torí kò sí iná lórí rọ́nwè. Ẹ wò ó lójú àgbẹ̀: òwúrọ̀ ló ń kórè, ọ̀sán ló ń kó o jọ, ìrọ̀lẹ́ ni ẹrù ń dé ẹnu ọ̀nà pápákọ̀, ìgbà yẹn gan-an sì ni wọ́n ń ti ilẹ̀kùn. Oṣù ọyẹ́ tún wà ńbẹ̀. Mo wà nínú bàálù kan rí ní oṣù kìíní, a dé òkè ìlú tí à ń lọ, eruku ti bo gbogbo ilẹ̀ bí ìgbà tí wọ́n ku èlùbọ́ sójú sánmà. A yípo lẹ́ẹ̀mejì, awakọ̀ sì kó wa padà sí Àbújá. Ọkùnrin kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi tó ń lọ síbi ìsìnkú bọ́ fìlà, ó fi bojú, kò sọ nǹkan kan títí a fi balẹ̀. Oṣù ọyẹ́ yẹn náà ni tòmátì oko olómi Kadawa ní Kano máa ń pọ̀ jù.

Síbẹ̀, èké ni màá ṣe tí mo bá ní pápákọ̀ wọ̀nyí ò wúlò. Lásìkò Hájì, bàálù ńlá máa ń balẹ̀ sí Birnin Kebbi, àgbàlagbà tí kì bá máa fi mọ́tò wá ìlú mìíràn lọ wọ̀ ọ́ nítòsí ilé rẹ̀. Àwọn gómìnà pẹ̀lú ń lò ó, ẹ ò nílò kí n sọ ìyẹn. Ọ̀rọ̀ ààbò sì wà ńlẹ̀: ẹni tó ti rìn láti Damaturu lọ sí Maiduguri nígbà tí ọ̀nà gbóná kì í bá wa jiyàn lórí iyì bàálù. Àmọ́ bàálù náà kì í ṣe ibi ìsásí pátápátá. Ní ọjọ́ 26 oṣù kẹta ọdún 2022, àwọn agbébọn wọ pápákọ̀ Kaduna, wọ́n pa ẹ̀ṣọ́ kan. Ní ọjọ́ 28 oṣù yẹn kan náà ni àwọn agbébọn kọlu ọkọ̀ ojú irin tó ń bọ̀ láti Àbújá.

Bàálù kan ṣoṣo ló wà tí àgbẹ̀ Jigawa, Yobe tàbí Kebbi máa ń retí lóòótọ́, kì í sì í gbé ẹrù rárá. Oògùn ló ń gbé. Ẹyẹ kan wà tí wọ́n ń pè ní quelea, Hausa ní jan baki, ẹlẹ́nu pupa. Kò ju ológoṣẹ́ lọ, ẹni tó bá rí ẹyọ kan á ní ó wuyì. Àmọ́ àràádọ́ta ọ̀kẹ́ ni wọ́n ń rìn pọ̀, tí wọ́n bá ń yí lójú ọ̀run, bí èéfín ni. Ẹyẹ kan lè jẹ bíi gíráàmù mẹ́wàá ọkà lóòjọ́. Ẹ bá mi ṣírò rẹ̀: mílíọ̀nù kan ẹyẹ, tọ́ọ̀nù mẹ́wàá lóòjọ́. Mílíọ̀nù mẹ́ta ẹyẹ á jẹ tírélà ìrẹsì kan tán láàárín àárọ̀ sí alẹ́. Tí jéró àti ìrẹsì bá ti ń gbó, ẹ̀ ẹ́ rí àwọn ọmọdé lórí pèpéle nínú oko láti ìdájí, tí wọ́n ń lu páànù, tí wọ́n ń fi kànnàkànnà sọ̀kò, ohùn wọn á ti há kó tó di ọ̀sán. Ọmọ tó wà lórí pèpéle ò sí ní iléèwé. Ẹyẹ náà á kàn fò bọ́ sí oko kejì ni.

Ohun tí ìjọba àpapọ̀ àti àwọn ìpínlẹ̀ máa ń ṣe ni pé wọ́n á rán bàálù kékeré lọ fọ́n oògùn sórí igbó tí àwọn ẹyẹ náà ń sùn sí, ní ìrọ̀lẹ́, nígbà tí wọ́n bá ti wọlé. Oògùn líle ni, ó lè pa ẹyẹ tí kò mọwọ́ mẹsẹ̀, wọ́n sì ní láti kìlọ̀ fáráàlú pé kí wọ́n má ṣa òkú ẹyẹ jẹ. Kò dùn-ún gbọ́, àmọ́ àgbẹ̀ tí ẹyẹ ti jẹ oko rẹ̀ rí máa ń gbàdúrà pé kó tètè dé. Bàálù afọ́noògùn yìí ò nílò ìdá mẹ́ta irú rọ́nwè tí bàálù Hájì ń bà lé. Ojú ilẹ̀ yangí tí wọ́n tẹ́ dáadáa tó o. Ẹni tó bá béèrè lọ́wọ́ àgbẹ̀ kó tó dá owó sílẹ̀, bóyá ibi ìbalẹ̀ yangí mẹ́rin ló máa kọ́ káàkiri ìpínlẹ̀, á sì kó owó tó kù sórí ọ̀nà oko.

Mo lọ sí ọjà Zuba lọ́jọ́bọ̀ kan, ní ẹ̀yìn Àbújá níbí. Ọkọ̀ tòmátì ti dé lóru láti Kano, apẹ̀rẹ̀ ráfíà tò léra wọn dé òrùlé, omi pupa ń kán sílẹ̀ lára pákó, eṣinṣin sì ti gbọ́ ìròyìn. Ìyá kan, ọmọ Ọ̀fà, tó ti ń ta ata àti tòmátì níbẹ̀ tipẹ́, ki ọwọ́ bọ ìsàlẹ̀ apẹ̀rẹ̀ kan. Nígbà tó yọ ọ́, ó ti pupa dé ọrùn ọwọ́. "Tòkè ló ń jẹ tìsàlẹ̀, ọmọ mi," ó wí. "Àná ni wọ́n ká èyí. Kì í ṣe ọ̀nà ló pa á, títẹ ara wọn mọ́lẹ̀ nínú apẹ̀rẹ̀ ni." Ìjọba fúnra rẹ̀ máa ń sọ pé tòmátì tó ń ṣòfò lẹ́yìn ìkórè ń lọ sí ìdajì. Mo bi í pé tí wọ́n bá fi bàálù gbé e ńkọ́. Ó wò mí bí ẹni tó fẹ́ rà láìmúwó dání. "Nínú apẹ̀rẹ̀ yìí náà?"

Jigawa, tó ní pápákọ̀ ní Dutse, ìpínlẹ̀ yẹn kan náà ni Mohammed Bah Abba ti ṣe ohun tó gba ẹ̀bùn Rolex fún ní ọdún 2000. Ìkòkò amọ̀ méjì ni, ọ̀kan nínú ìkejì, iyanrìn tútù láàárín, aṣọ tútù lórí. Afẹ́fẹ́ gbígbẹ Òkè Ọya á máa fa omi jáde lára iyanrìn, inú ìkòkò á sì máa tutù. Ẹni tó bá ti mu omi àmù nílé ìyá rẹ̀ àgbà ti mọ ìdí tó fi ń ṣiṣẹ́. Ìkàn tí kì í kọjá ọjọ́ mẹ́ta kó tó bàjẹ́ lo ọjọ́ mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n nínú rẹ̀. Kò gba iná, kò gba dísù. Àwọn mìíràn ti gbé e sókè sí i, ilé iṣẹ́ ColdHubs tó bẹ̀rẹ̀ ní Owerri ń gbé yàrá tútù tó ń lo oòrùn sí ẹnu ọjà, oníṣòwò á san owó orí kérétì kọ̀ọ̀kan lóòjọ́. Ní Kadawa, ilé iṣẹ́ tòmátì Dangote ṣílẹ̀kùn lẹ́gbẹ̀ẹ́ oko ní ọdún 2016, ó sì dáwọ́ dúró láàárín oṣù díẹ̀ nígbà tí kòkòrò Tuta absoluta jẹ oko run, tí tòmátì ò tó ó lọ̀ mọ́.

Ìyá Ọ̀fà ti ra kérétì oníke ní tirẹ̀. Ó ní tòmátì tó bá inú rẹ̀ dé kì í tú omi, ó sì máa ń tà á kó tó di agogo mẹ́jọ. Ìyọnu rẹ̀ ni bí kérétì ṣe máa padà: apẹ̀rẹ̀ ráfíà, sísọnù ni, àmọ́ kérétì, owó ni. Ogójì ló rán lọ sí Kano ní ìgbà àkọ́kọ́, mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló rí gbà. Nígbà tí mo ń dágbére fún un, ó ti di ọwọ́ awakọ̀ kan mú lẹ́yìn ọkọ̀, ó ń fi Hausa béèrè mẹ́sàn-án tó kù.